Ọjọ́ Tí A Dọ̀bálẹ̀ Nínú Tẹlifíṣọ̀n

Nígbà tí mo wà ní kékeré, yàrá kan ni èmi àti ìyá mi ń gbé ní Mọ́kọ́lá, lórí pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan tí àwọn mẹkáníìkì gba gbogbo iwájú rẹ̀. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń ka ìtàn yìí mọ Mọ́kọ́lá gẹ́gẹ́ bí ó ti rí lónìí, tí takisí àti kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta ń du ọ̀nà mọ́ ara wọn lọ́wọ́ lábẹ́ afárá. Kò sí afárá nígbà náà, ṣùgbọ́n ariwo wà, ó sì pọ̀. Ọ̀kan nínú àwọn ohun tí mo kọ́kọ́ mọ̀ nípa ayé ni pé ènìyàn lè dá wà láàrin ariwo.

Bàbá mi ti lọ ṣòwò ní Jọ́ọ̀sì, gẹ́gẹ́ bí ọ̀pọ̀ ọkùnrin ìlú wa ní Òkè Ògùn ti máa ń ṣe, kò sì padà wá bá wa. Ìyá mi kì í dárúkọ rẹ̀. Ilé ìfọṣọ tí ó wà nínú ilé ìwòsàn ńlá kan ni ó ti ń ṣiṣẹ́. Òun àti àwọn obìnrin ẹgbẹ́ rẹ̀ ni wọ́n ń fọ aṣọ ibùsùn àwọn aláìsàn, tí wọ́n ń sá a, tí wọ́n sì ń fi áyọ́ọ̀nù lọ̀ ọ́. Iṣẹ́ ọ̀sán ni wọ́n fún un, títí kan ọjọ́ Sátidé, nítorí náà bí mo bá ń ti ilé ẹ̀kọ́ bọ̀, òun ti lọ. Èmi á gba kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́ ìyá arúgbó tí ń gbé ní yàrá ẹ̀gbẹ́ wa, èmi á jẹ oúnjẹ tí ìyá mi fi àwo dé, èmi á sì jókòó. Mo mọ ìró ẹsẹ̀ gbogbo ẹni tí ń gun àtẹ̀gùn ilé náà, nítorí pé gbogbo wọn ni mo ń tẹ́tí sí kí ti ìyá mi tó dé.

Orin ni ó mú mi jáde kúrò nínú yàrá náà. Ìjọ Onítẹ̀bọmi ni a ń lọ, níbi tí àwọn ará ìlú wa pọ̀ sí. Tísà kan wà níbẹ̀ tí ó ń darí ẹgbẹ́ akọrin, ọkùnrin tí ó tẹ́ẹ́rẹ́, tí kì í rẹ́rìn-ín bí ó bá ń kọ́ni ní orin. Òun ni ó ṣa ọmọkùnrin mẹ́ta láàrin wa, tí ó sì sọ wá di ẹgbẹ́ kékeré kan. Ọmọ káfíńtà kan ni ó ń kọ ohùn kìíní. Aláwàdà ni, ohùn rẹ̀ sì mọ́ bí omi àmù. Ọmọ kejì ju àwa méjèèjì lọ díẹ̀ ní ọjọ́ orí. Òun ni ó ń ta gìtá, tí ó sì ń fi ohùn kẹta gbe orin nísàlẹ̀. Èmi ni mo ń mi ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀, ohùn kejì sì ni tèmi.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé ohun tí à ń pè ní ohùn kejì fún ẹni tí kò bá tíì kọrin lẹ́gbẹ́ rí. Ohùn kìíní ni ó ń gbé orin lórí. Òun ni ẹni tí ó bá gbọ́ wa máa ń kọ lọ sílé. Ohùn kejì ń rìn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Bí kò bá sí, etí á mọ̀ pé nǹkan kan dín kù, ṣùgbọ́n bí ó bá dá dúró, kò sí ẹni tí yóò mọ orin tí à ń kọ. Àwọn ibì kan tilẹ̀ wà tí ohùn kìíní ti ń dá lọ, tí èmi á dákẹ́, tí èmi á máa ka ìlù nínú ọkàn mi, kí n tó tún wọlé. Tísà wa sọ fún mi pé ìdákẹ́jẹ́ náà jẹ́ ara orin. Mo gbà á gbọ́. Mo ti mọ ìdákẹ́jẹ́ tẹ́lẹ̀ nílé.

Ní ọjọ́ ìkórè ìjọ wa kan, ìyáàfin kan tí ń ṣe kòkáárí ètò ní ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n gbọ́ orin wa, ó sì ní kí tísà kó wa wá. Ètò ìdárayá kan ni wọ́n ń ṣe ní ìrọ̀lẹ́ Sátidé ní ìgbà náà. Aláwàdà á ṣe tirẹ̀, onídán á yọ àdàbà láti inú fìlà, àwọn oníjó á jó, lẹ́yìn náà ni wọn á pe àwa ọmọ mẹ́ta. Orin kan ni à ń kọ lẹ́ẹ̀kan, èyí tí tísà fúnra rẹ̀ ṣe. Bí ètò náà bá sì tún yípo, wọn á tún ránṣẹ́ pè wá.

Ohun tí mo rántí jù nípa yàrá náà ni ooru. Iná ńláńlá ni wọ́n fi ń tan ìmọ́lẹ̀ sí wa lórí, òógùn á sì máa wẹ páúdà tí wọ́n kùn fún wa nù. Wọ́n fi ṣọ́ọ̀kì sàmì sí ibi tí ẹsẹ̀ olúkúlùkù gbọ́dọ̀ wà. Aṣọ títa kan wà lẹ́yìn wa tí wọ́n ya igi ọ̀pẹ sí. Kámẹ́rà tóbi, ó wúwo, ó dúró lórí ẹsẹ̀ onítáyà, ọkùnrin kan tí ó fi nǹkan bo etí á sì dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, á máa fi ìka ọwọ́ bá wa sọ̀rọ̀. Ẹ má ṣe gbàgbé pé wọn kì í gba ètò tiwa sílẹ̀. Bí a ti ń kọ ọ́ ni ó ń dé ilé àwọn ènìyàn, bí a bá sì ti parí rẹ̀, ó parí nìyẹn. Gbogbo Ìbàdàn lè rí wa, ṣùgbọ́n àwa fúnra wa kò rí ara wa rí. Àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ ni wọ́n sọ fún mi pé etí mi tóbi nínú tẹlifíṣọ̀n.

Ìyá mi náà kò rí mi rí. Ibi iṣẹ́ ni ó máa ń wà. Díákónì ìjọ wa, òṣìṣẹ́ ìjọba kan tí ó kọ́lé sí Bódìjà, ní tẹlifíṣọ̀n, àwọn ará ìjọ sì máa ń lọ jókòó sí pálọ̀ rẹ̀ láti wò wá. Bí ó bá di ọjọ́ kejì, wọn á wá bá ìyá mi lẹ́yìn ìsìn, wọn á ní, “A rí ọmọ yín lánàá o.” Òun á kúnlẹ̀ díẹ̀, á dúpẹ́. Bí a bá dé ilé, á bi mí bí ẹ̀wù mi ṣe rí lára mi níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ òun fúnra rẹ̀ ni ó lọ ẹ̀wù náà. Á bi mí bóyá mo dúró ṣánṣán. Á tún bi mí bóyá mo rẹ́rìn-ín. Mo máa ń dáhùn, ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé ìdáhùn mi kò tó o. Ẹni tí ó ń fọ aṣọ fún gbogbo ayé, tí kò sì sí ẹni tí ó mọ ojú rẹ̀, fẹ́ fi ojú ara rẹ̀ rí ọmọ rẹ̀ níbi tí gbogbo ayé ti ń wò ó.

Nígbà tí ó yá, a gbọ́ pé ètò kan ṣoṣo ni ó kù fún wa. Wọ́n ti gbé iṣẹ́ tísà wa lọ sí Ṣakí, ohùn ọmọ káfíńtà sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í ya. Bí ó bá fẹ́ gbé ohùn sókè, á kọ́kọ́ wú bí ti bàbá àgbà. Òun fúnra rẹ̀ ni ó fi ṣe yẹ̀yẹ́, ó ní, “Ẹ má dá mi lẹ́bi, ohùn mi ló ti fẹ́ máa wọ ṣòkòtò gígùn.” Gbogbo wa rẹ́rìn-ín, àfi tísà.

Ìyá mi lọ bá ọ̀gá rẹ̀ pé kí ó jẹ́ kí òun tètè lọ sílé ní ọjọ́ Sátidé yẹn. Ọ̀gá kọ̀. Ó wá bá obìnrin ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kan sọ ọ́, wọ́n sì ṣe àdéhùn pé obìnrin náà á wá gba iṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́, òun náà á sì bá a ṣe iṣẹ́ ọjọ́ Ìsinmi. Ẹni tí ó bá mọ ìyá mi á mọ ohun tí èyí ná an, nítorí pé ìjókòó ilé Ọlọ́run nìkan ni ìsinmi tí ó ní. Ní òwúrọ̀ Sátidé náà, ó lọ ẹ̀wù mi títí tí ìlà apá rẹ̀ fi mú bí ọ̀bẹ. Ó wò mí, ó ní, “Ọkọ mi, màá rí ẹ lónìí.”

Ọ̀rọ̀ kan ti wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀ tí mo gbọ́dọ̀ sọ fún yín. Láti ìbẹ̀rẹ̀ ni ìyáàfin tẹlifíṣọ̀n ti kọ́ wa pé bí orin bá parí, kí a rọra tẹ orí ba, kí a sì dúró sójú kan. Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe ń ṣe é, títí tí ẹnu fi bẹ̀rẹ̀ sí í kùn wá nínú ìjọ. Bàbá àgbà kan dá wa dúró lẹ́yìn ìsìn, ó wò wá láti òkè dé ilẹ̀.

“Gbogbo ìlú jókòó, wọ́n ń wò yín,” ni ó wí, “ẹ wá ń mi orí sí àgbà bí alángbá. Ṣé bí wọ́n ṣe ń kíni nílé yín nìyẹn?”

Ojú ti tísà wa ju àwa lọ. Ó ṣèlérí fún bàbá náà pé ní ọjọ́ ìkẹyìn, a ó kí àwọn àgbà bí ọmọ tí a bí ire. Ó sì kọ́ wa bí a ó ti ṣe é: bí gìtá bá ti dákẹ́, kí àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta dọ̀bálẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Kò sí ẹni tí ó rántí láti sọ fún ìyáàfin tẹlifíṣọ̀n, nítorí pé kò sí ẹni tí ó rò pé ìkíni jẹ́ ohun tí à ń gba àṣẹ fún.

A kọrin dáadáa lọ́jọ́ náà. Ohùn ọmọ káfíńtà kò ya. Mo wo inú ojú dúdú kámẹ́rà yẹn, mo sì ń sọ fún ara mi pé ìyá mi ni mo ń wò. Nígbà tí gìtá dákẹ́, a dọ̀bálẹ̀ gbalaja, àyà kan ilẹ̀.

Ẹ̀yin náà mọ̀ pé ọmọ tí ó dọ̀bálẹ̀ kì í dédé dìde. Ó ní láti dúró kí àgbà dáhùn, kí wọ́n ní, “Ẹ ǹlẹ́ o, ẹ dìde.” A dúró. Mo ń wo wáyà tí ó gba ilẹ̀ kọjá bí ejò àti bàtà ọkùnrin tí ó di kámẹ́rà mú. Kò sí ẹni tí ó dáhùn. Ẹni tí ó fi nǹkan bo etí ń gbé ọwọ́ méjèèjì sókè sódò, àwa sì rò pé ó ń gba ìkíni wa ni, a tún sún mọ́ ilẹ̀ sí i. Kámẹ́rà ìgbà náà kì í sì í ṣe ohun tí à ń yára tẹ ojú rẹ̀ wálẹ̀, nítorí náà kò rí wa mọ́. Nígbà tí a fi máa dìde, ìyáàfin tí ń kéde ètò ti gba ojú tẹlifíṣọ̀n.

Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní Bódìjà ní àkókò yẹn, àwọn ọmọ díákónì ni wọ́n sọ fún mi. Obìnrin tí ó yẹ kí ó gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ìyá mi kò tètè dé, nítorí pé ọmọ rẹ̀ ṣàìsàn. Ìyá mi kò lè fi iná áyọ́ọ̀nù sílẹ̀ láìsí ẹni tí yóò dúró tì í. Nígbà tí obìnrin náà dé, ìyá mi kò dúró de bọ́ọ̀sì, ó sáré. Ó dé pálọ̀ díákónì pẹ̀lú aṣọ iṣẹ́ lọ́rùn, bàtà rẹ̀ wà lọ́wọ́. Wọ́n ní ó gbọ́ ìró ìkẹyìn gìtá láti ẹnu ọ̀nà. Ìyàwó díákónì ní kí gbogbo ènìyàn yàgò, pé ìyá ọmọ ti dé, wọ́n sì tì í lọ sí iwájú pátápátá.

Aṣọ títa nìkan ni ó wà lójú tẹlifíṣọ̀n, àti igi ọ̀pẹ tí wọ́n yà sí i.

Bàbá àgbà tí ó pè wá ní alángbá náà wà ní pálọ̀ yẹn. Ó béèrè pé ṣé ilẹ̀ ti gbé wọn mì ni, gbogbo ilé sì bú sẹ́rìn-ín. Ìyá mi kò bá wọn rẹ́rìn-ín. Ó kúnlẹ̀ síwájú tẹlifíṣọ̀n náà, ó ń wo igi ọ̀pẹ, ó sì rọra bi ìyàwó díákónì léèrè pé, “Ṣé wọ́n á dìde?”

Nígbà tí èmi fi máa dé ilé, ó ti padà. Ó jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì pẹ̀lú aṣọ iṣẹ́ náà, ó gbé oúnjẹ mi síwájú rẹ̀. Mo dúró sẹ́nu ọ̀nà. Òun ni ó kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó ní wọ́n ti sọ fún òun pé a dọ̀bálẹ̀, pé ó dára, pé ọmọ gidi ni òun bí.

“Kọ orin náà fún mi,” ni ó wí.

Mo bẹ̀rẹ̀, ṣùgbọ́n ohùn kejì ni ó wà ní ọ̀fun mi. Ó jáde lọ́nà tí ó ṣe wọ́kuwọ̀ku, bí ìdajì ọ̀rọ̀ tí ènìyàn gbọ́ láti ẹ̀yìn ògiri. Ojú tì mí. Mo fi í sílẹ̀, mo bọ́ sí ohùn kìíní kí ó lè gbọ́ orin gan-an. Ó gbé ọwọ́ sókè.

“Ti ọmọ káfíńtà kọ́ ni mo ní kí o kọ. Tìrẹ ni.”

Mo kọ tèmi fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, nínú ẹ̀wù tí ó lọ̀ fún mi láàárọ̀, láàrin yàrá wa. Níbi tí ó yẹ kí n dákẹ́, mo dákẹ́, òun náà sì dákẹ́, ó ń dúró, ojú rẹ̀ kò kúrò lára mi. Nígbà tí mo parí, ó ní kí n tún un kọ.

Lẹ́yìn ìgbà náà ni mo bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀. Bí ó bá ń lọ aṣọ nílé, á máa kùn ún nínú imú, ohùn kejì nìkan, bí ẹni pé odindi orin ni. Bí ó bá dé ibi ìdákẹ́jẹ́, á dákẹ́, áyọ́ọ̀nù á lọ, á bọ̀, lẹ́yìn náà á tún wọlé ní ibi tí ó yẹ gan-an. Ìyá arúgbó yàrá ẹ̀gbẹ́ bi í lọ́jọ́ kan pé irú orin wo ni èyí tí kò lórí tí kò nídìí. Ìyá mi ní orin tí wọ́n kọ nínú tẹlifíṣọ̀n ni. Obìnrin náà ní irọ́ ni, òun mọ ti tẹlifíṣọ̀n dáadáa, ó sì kọ ohùn kìíní láti fi hàn. Ìyá mi kò bá a jiyàn. Ó kàn ń bá tirẹ̀ lọ.

Ó ti pẹ́ tí ìyá mi ti lọ sinmi. Ọmọ káfíńtà di sójà, kò sì pẹ́ láyé tó mi. Ẹni tí ń ta gìtá bá àwọn ọmọ rẹ̀ lọ sí òkè òkun. A pàdé ní Dùgbẹ̀ lẹ́ẹ̀kan kí ó tó lọ, a dúró sínú oòrùn, a ń rẹ́rìn-ín, àwa méjèèjì sì ń bẹ̀rù láti dárúkọ orin náà. Nígbà tí mo wà ní ọ̀dọ́mọkùnrin, mo lọ sí ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n láti béèrè bóyá nǹkan kan kù nípa wa. Ọkùnrin tí ó dá mi lóhùn kò rí mi fín. Ó ṣàlàyé fún mi pé ohun tí wọn kò gbà sílẹ̀ kò sí níbì kankan.

Ilé ọmọ mi ní àdúgbò Challenge ni mo ń gbé báyìí. Wọ́n ń tọ́jú mi dáadáa. Láàárọ̀, olúkúlùkù á lọ síbi iṣẹ́ tàbí ilé ẹ̀kọ́, ariwo ọkọ̀ á sì máa wọlé láti títì títí di ìrọ̀lẹ́. Láìpẹ́ yìí, ọmọ-ọmọ mi obìnrin tí ó wà ní yunifásítì gbé fóònù rẹ̀ síwájú mi, ó ní kí n kọ orin tí mo fi di ẹni tẹlifíṣọ̀n. Mo kọ ọ́. Nígbà tí mo dé ibi tí ohùn kìíní ti ń dá lọ, mo dákẹ́.

“Bàbá àgbà, ṣé ẹ ti gbàgbé ni?” ni ó bi mí.

Mo ní mi ò gbàgbé, pé kò tíì kàn mí ni. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní òun á gé ibẹ̀ kúrò kí ó lè yá, mo sì gbà fún un.

Ayé ti yí padà, èmi kò sì ní bú ayé tuntun. Lónìí, ọmọ tí ó bá jó ní Agbówó, àwòrán rẹ̀ á ti dé ọwọ́ ìyá rẹ̀ ní Jọ́ọ̀sì kí òógùn ara rẹ̀ tó gbẹ, ìyá náà á sì lè wò ó títí ojú rẹ̀ yóò fi kún. Mo dúpẹ́ fún gbogbo ìyá tí ó rí irú oore bẹ́ẹ̀ gbà. Ọmọ-ọmọ mi ti fi àwòrán mi ránṣẹ́ káàkiri, ó ní àwọn tí mi ò mọ̀ rí ń wò mí, wọ́n sì ń kí mi. Gbogbo ènìyàn ni ó lè rí mi báyìí. Ẹni tí ó mọ ohùn tèmi ni kò sí níbẹ̀.